Igi Márùn-ún Nínú Korobá Ọ̀dà

Nǹkan kan wà tó máa ń ṣe mí: bí ẹ̀rù bá ti bà mí, ẹ̀rín ni mo máa ń rín. Wọ́n ti lé mi jáde níbi ìsìnkú rí nítorí rẹ̀. Olùkọ́ kan nà mí nítorí rẹ̀ nígbà tí mo wà lọ́mọdé, bó sì ṣe ń nà mí ni mò ń rín sí i, tí ìyẹn sì ń dá kún ẹgba. Mo tètè sọ ọ́ kí ẹ má baà rò pé eré ni mo fi ọ̀rọ̀ yìí ṣe. Ọ̀rọ̀ yìí fẹ́rẹ̀ẹ́ lé ìyá mi kúrò lóko, èmi ọmọ wọn ni mo sì fi ọkọ̀ ìjọba gbé e lọ bá wọn.

Ìsàlẹ̀ Ọ̀yọ́ ni mò ń gbé. Iṣẹ́ ìjọba ni mò ń ṣe, ní ọ́fíìsì tó ń rí sí ọ̀rọ̀ àgbẹ̀ ní ìlú Ọ̀yọ́. Ìyá mi ní tiwọn wà ní abà kan lẹ́bàá Ìrẹsà, ní ìhà Ògbómọ̀ṣọ́, níbi tí àwọn àti bàbá mi ti lọ ń dáko láti ìgbà tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ fẹ́ ara wọn. Bàbá mi ti kú tipẹ́. Ìyá mi kò kúrò níbẹ̀. Wọ́n ń gbin àgbàdo, wọ́n ń gbin iṣu àti ẹ̀gẹ́, orúkọ tí wọ́n sì ń pè mí ni "Ìjọba". Láti ọjọ́ tí mo ti gba ìwé iṣẹ́ ni wọn kò ti pe orúkọ mi mọ́. Bí mo bá yọ lọ́ọ̀ọ́kán, wọ́n á dìde, wọ́n á tẹ orúnkún díẹ̀, wọ́n á ní, "Ẹ káàbọ̀ o, Ìjọba. Ṣé títì wa lẹ gbé dání?" Ìyá tó bí mi lọ́mọ ni o.

Lọ́dún tí mò ń sọ yìí, lẹ́yìn òjò àkọ́rọ̀, ọ̀gá wa kó wa jọ sí yàrá ìpàdé, ó ní ìjọba ti gbé ètò tuntun kalẹ̀. Ó ní ojú ọjọ́ ń yí padà, oòrùn ń le sí i, àwọn tó ń sun èédú sì ti gé igbó tán. Nítorí náà, gbogbo àgbẹ̀ gbọ́dọ̀ gbin igi. Ọmọ igi máńgòrò márùn-ún ni ẹnì kọ̀ọ̀kan máa gbà lọ́fẹ̀ẹ́. Ẹni tó bá gbin tirẹ̀, tí àwọn aláyẹ̀wò bá fi ojú rí i, á gba ajílẹ̀ òyìnbó, òun náà lọ́fẹ̀ẹ́. Ẹni tí kò bá gbìn ín, kó má wulẹ̀ wá tò.

Èmi nìkan ni mo pàtẹ́wọ́. Àwọn ará ọ́fíìsì yíjú wò mí bíi pé mo ti mu nǹkan wá láti ilé. Ṣùgbọ́n wọn kò mọ ohun tí mo mọ̀. Ó ti di ọdún kejì tí àgbàdo ìyá mi kò ṣe dáadáa. Á hù, á ga dé orúnkún, ewé rẹ̀ á wá máa pọ́n rẹ́súrẹ́sú, ọmọ tó bá yọ lára rẹ̀ kò ní ju àtàǹpàkò lọ. Ilẹ̀ náà ti rẹ̀ pátápátá, ajílẹ̀ ọjà sì ti kọjá ohun tí apá wọn ká. Nígbà tí wọ́n wá ní kí èmi gbé igi lọ sí ìhà Ìrẹsà nítorí pé mo mọ ibẹ̀, inú mi dùn débi pé n kò lè jókòó jẹ́ẹ́.

Ọmọ igi kún ẹ̀yìn ọkọ̀ akẹ́rù náà bámúbámú, ọ̀kọ̀ọ̀kan nínú ọ̀rá dúdú. Èyí tí kò gba ẹ̀yìn mọ́ wà láàárín ẹsẹ̀ mi níwájú, ewé wọn ń rìn mí nímú. Mo kọrin láti Ọ̀yọ́ dé Ògbómọ̀ṣọ́. Mo kọ orin ilé kéú, mo kọ orin ìgbàgbọ́, mo kọ orin ìbò. Nígbà tí a kọjá ìlú, awakọ̀ rọra dẹ ẹsẹ̀ sílẹ̀, ó ní, "Màdáàmù, ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ kí n gbọ́ ẹ́ńjìnnì mi díẹ̀. Mi ò mọ̀ bóyá ó ti kú."

Iwájú ilé ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ni àwọn àgbẹ̀ péjọ sí. Mo gun orí bẹ́ǹṣì, mo sọ̀rọ̀ bí olóṣèlú. Mo ní tí ẹ bá gbin igi lónìí, atẹ́gùn á tutù, òjò á máa rọ̀ lásìkò, àwọn ọmọ ọmọ yín á máa ká máńgòrò jẹ. Wọ́n ń wò mí. Bàbá kan ní, "Ajílẹ̀ ńkọ́?" Mo ní ó di ìgbà tí wọ́n bá gbin igi. Wọ́n ní, "Ó dáa, ẹ ṣeun, Ọlọ́run á jẹ́ kẹ́ ẹ pẹ́ níbi iṣẹ́." Wọ́n gba márùn-ún márùn-ún, wọ́n ń lọ. Kò sí ẹni tó bi mí bí kòtò ṣe máa jìn tó. Kò sí ẹni tó bá mi jiyàn. Ibẹ̀ ló yẹ kí n ti fura, nítorí n kò tíì rí àgbẹ̀ Ìrẹsà tó jẹ́ kí òṣìṣẹ́ ìjọba sọ̀rọ̀ tán láìjẹ́ pé ó kọ́ ọ ní bí wọ́n ṣe ń ṣe é.

Ìyá mi kó márùn-ún tiwọn sínú abọ́, wọ́n gbé e rù, wọ́n ń lọ níwájú. Nígbà tí a dé abà, wọ́n sọ abọ́ kalẹ̀, wọ́n fi àpótí tì mí lẹ́sẹ̀.

"Ìjọba, ẹ jókòó."

Mo jókòó.

"Ilẹ̀ ta ni ẹ jókòó lé yìí?"

"Ilẹ̀ Bàbá ni."

"Kí ni Bàbá sọ fún bàbá yín lọ́jọ́ tí wọ́n fún wọn nílẹ̀?"

Gbogbo rẹ̀ padà sí mi lórí lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo.

Àtìpó ni wá níbẹ̀. Láti Ọ̀yọ́ ni bàbá mi ti wá, wọ́n sì tọrọ ilẹ̀ lọ́wọ́ Bàbá, ìyẹn onílẹ̀, ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́, díákónì ní ìjọ Onítẹ̀bọmi. Bàbá fún wọn. Wọ́n ní kí wọ́n máa mú iṣu wá ní ọdọọdún ní ìṣákọ́lẹ̀, kí gbogbo ayé lè mọ ẹni tó ni ilẹ̀. Wọ́n ní, "Ẹ gbin ohun tí ẹ bá fẹ́ jẹ. Igi nìkan ni ẹ ò gbọdọ̀ gbìn." Kò sí àtìpó ní gbogbo àgbègbè yẹn tí wọn kò sọ bẹ́ẹ̀ fún. Ẹni tó gbin iṣu á wa iṣu, á sì máa lọ. Ṣùgbọ́n igi á dúró de ọmọ, á dúró de ọmọ ọmọ, nígbà tó bá sì di ọ̀rọ̀ ilé ẹjọ́, ìdí igi ni wọ́n máa ń dúró sí láti bèèrè pé ta ló gbìn ín. Ẹni tó gbin igi ti ń ní in lọ́kàn pé òun ti ni ilẹ̀.

Mo mọ èyí kí n tó mọ ìwé. Nígbà tí a wà lọ́mọdé, bí a bá jẹ ọsàn lóko, a kì í tu kóró rẹ̀ sílẹ̀. Àpò la máa ń kó o sí, a ó dà á síná nílé. Bí ìbẹ́pẹ lásán bá hù lẹ́yìn balùwẹ̀, kí ọ̀sán tó pọ́n ìyá mi á ti hú u. Ẹnìkan tó ń dáko nítòsí wa gbin kaṣú sẹ́yìn abà rẹ̀, kò pẹ́ kò jìnnà, mo rí i pẹ̀lú iyàwó rẹ̀ lójú ọ̀nà Ògbómọ̀ṣọ́, wọ́n gbé ẹní àti ìkòkò rù. Èmi tí wọ́n fi kóró ọsàn kọ́ lẹ́kọ̀ọ́ ni mo wá kó igi kún ọkọ̀ wá fún àtìpó bíi tèmi. Àwọn tó jókòó ní Ìbàdàn ṣe ètò náà kò bèèrè ẹni tó ni ilẹ̀, n kò sì dá wọn lẹ́bi púpọ̀, nítorí èmi tí mo mọ̀ pàápàá pàtẹ́wọ́ ni.

Ẹ̀rín bá gbé mi. Mo rín títí mo fi ṣubú kúrò lórí àpótí. Ìyá mi ń wò mí, wọ́n mọ irú ẹ̀rín tó jẹ́.

"Ẹ rín tán?" ni wọ́n wí. "Tí mo bá gbìn ín, Bàbá á lé mi. Tí mi ò bá gbìn ín, ebi á lé mi. Èwo ni kí n mú, Ìjọba?"

"Ẹ jẹ́ ká lọ bá Bàbá, ká tọrọ àyè."

"Ká tọrọ àyè igi? Wọ́n á ní ọjọ́ wo ló ti wà nínú mi. Ọmọ wọn tó ń ta ilẹ̀ l'Ógbómọ̀ṣọ́ yẹn ń wá ẹ̀sùn sí mi lẹ́sẹ̀. Ṣé kí n wá fà á lé e lọ́wọ́?"

Òótọ́ ni. Ọmọ Bàbá yìí ti wá wọn ilẹ̀ náà lẹ́ẹ̀mejì, ó ní òun kàn fẹ́ mọ bó ṣe fẹ̀ tó. Mo wá ní, "Tó bá burú tán, ẹ ó wá máa gbé lọ́dọ̀ mi l'Ọ́yọ̀ọ́." Wọ́n ti gbé lọ́dọ̀ mi rí, nígbà tí ẹsẹ̀ ń dùn wọ́n. Ní ọjọ́ kẹta wọ́n gbin tẹ̀tẹ̀ sínú ìkòkò òdòdó mi. Ní ọjọ́ kẹfà wọ́n hú òdòdó náà, wọ́n ní ó ń dí tẹ̀tẹ̀ lọ́wọ́. Ní ọjọ́ kẹsàn-án mo bá wọn níwájú tẹlifíṣọ̀n, omi ń bọ́ lójú wọn, kì í sì í ṣe ohun tí wọ́n ń ṣe nínú rẹ̀ ló pa wọ́n lẹ́kún. Mo mọ̀ ní tèmi pé bí wọ́n bá lé ìyá mi kúrò ní oko yẹn, wọn kò ní pẹ́ kú.

Wọn kì í sì í pe ohunkóhun níbẹ̀ ní tiwọn. Oko Bàbá ni wọ́n máa ń wí, abà Bàbá, odò Bàbá. Bí òjò bá rọ̀ sí ẹ̀gẹ́ wọn, wọ́n á ní ilẹ̀ Bàbá ti mu omi.

Lọ́jọ́ kejì, kí n tó jí, ìyá mi ti rí ọ̀nà àbáyọ. Wọ́n kó korobá ọ̀dà márùn-ún tí wọ́n máa ń pọnmi sí jáde, wọ́n bu erùpẹ̀ kún un, wọ́n sì gbin igi kọ̀ọ̀kan sínú korobá kọ̀ọ̀kan. Wọ́n to wọ́n síwájú abà, wọ́n gbọn ọwọ́.

"Ẹ wò ó. Mo gbin igi fún ìjọba. Mi ò gbin igi sórí ilẹ̀ Bàbá."

Mo gbá wọn mọ́ra, mo gbé wọn yí po, wọ́n ń pariwo pé kí n sọ àwọn kalẹ̀. Kò tó ọ̀sẹ̀ kan tí ọgbọ́n náà fi ràn kálẹ̀. Gbogbo abà àtìpó tó wà nítòsí ló kó igi sínú nǹkan: korobá, agbada tó ti lu, táyà ọkọ̀ tí wọ́n fi ọ̀rá dí nídìí. Ìyá kan gbin tirẹ̀ sínú póò ọmọ rẹ̀ tó ti dàgbà. Bí ewúrẹ́ bá ń bọ̀, ẹ ó rí àwọn obìnrin tí wọ́n ń gbé igi sáré wọlé, bí ìgbà tí òjò fẹ́ pa aṣọ tí wọ́n sá.

Ọ̀kan nínú korobá ìyá mi ti sán nídìí. Wọ́n gbé ìyẹn sí ẹ̀yìn balùwẹ̀ níbi tí omi ìwẹ̀ ń ṣàn gbà, kó má baà gbẹ. Ó jọ pé òun ni wọ́n fẹ́ràn jù. Bí mo bá lọ kí wọn, tí wọ́n bá wẹ̀ tán, mo máa ń gbọ́ tí wọ́n ń bá a sọ̀rọ̀, pé ó kú ìdúró o, pé kó má dójú tì wọ́n.

Wọ́n ní àwọn aláyẹ̀wò ń bọ̀ lọ́sẹ̀ méjì. Àgbàdo tuntun dé, a jẹ ẹ́, ó tán, wọn kò tíì dé. Nígbà tí wọ́n wá ránṣẹ́ pé ọ̀la ni, ìyá mi kọ ebè ńláńlá mẹ́rin láàárín oko, wọ́n ri korobá mẹ́rin sínú wọn, wọ́n kó erùpẹ̀ àti koríko gbígbẹ bo ẹnu rẹ̀. Ti ẹ̀yìn balùwẹ̀, koríko nìkan ni wọ́n kó yí i ká. Bí ẹ bá rí oko náà, ẹ ó búra pé igi hù níbẹ̀.

Èmi ni mo mú ọ̀gá tó wá láti Ìbàdàn débẹ̀, ó wọ bàtà funfun. Ó ń rìn lórí poro bí ẹni tó ń kọjá lórí ẹyin. Ó ka igi, ó ní, "Mama, ẹ kú iṣẹ́, irú yín la fẹ́," ó ní kí wọ́n ya fọ́tò òun pẹ̀lú igi kan. Ó bá di ọmọ igi náà mú, ó fi ara tì, ó rẹ́rìn-ín sí fóònù. Igi náà sì fà yọ tòun ti erùpẹ̀ ìdí rẹ̀, wọ̀ọ̀, bí ẹ̀kọ tó yọ nínú ewé. Korobá ṣẹ́kù sínú ebè.

"Yéè!" ni ìyá mi kígbe, wọ́n ti bọ́ síwájú ihò náà, wọ́n fi ìró bò ó. "Igi ìjọba! Wọ́n ti hú igi ìjọba!"

Ọ̀gá náà dúró, igi lọ́wọ́. Ó wo ọ̀tún, ó wo òsì. "Mama, ẹ má bínú. Mi ò mọ̀ pé mo fà á tó bẹ́ẹ̀."

"Kò burú, sà. Ẹ lágbára ni. Ẹ gbé e sílẹ̀, màá tún un gbìn. Mi ò ní sọ fẹ́nì kankan."

Mo ti wà lẹ́yìn abà nígbà yẹn, mo fi eyín di gèlè mi mú. Ó bọwọ́ lu ìwé kíákíá, ó bọwọ́ lu ti gbogbo abà tó kù láìlọ wo ọ̀kankan. Ó wá ní kí ìyá mi dúró sí àárín oko kí wọ́n ya fọ́tò wọn nìkan, ó dúró jìnnà sí igi fúnra rẹ̀. Ìyá mi rẹ́rìn-ín nínú fọ́tò yẹn, ewé máńgòrò yí wọn ká, bíi pé àwọn ni wọ́n ni gbogbo ayé.

Ajílẹ̀ dé lọ́sẹ̀ tó tẹ̀ lé e. Mo mọ̀ pé ẹ ò ní gbà mí gbọ́, ṣùgbọ́n ó dé. Èyí tí wọ́n ṣèlérí fún àgbàdo àkọ́kọ́ dé fún ti ìkejì, ìyá mi fi í sí i, àgbàdo náà sì dúdú, ó ń dán, ó ga ju èmi lọ. Wọ́n máa ń pè mí láàárọ̀ láti sọ fún mi bó ṣe ga tó, bíi pé ọmọ ló ń rìn nílé.

Ní àárọ̀ Ọjọ́bọ̀ kan, fóònù dún. Ìyá mi pe orúkọ mi.

Kì í ṣe Ìjọba. Orúkọ mi gan-an, èyí tí wọ́n sọ mí lọ́jọ́ kẹjọ. Mo jókòó sórí àga ẹni ẹlẹ́ni.

Fọ́tò náà ni. Ó ti ti ọwọ́ kan dé ọwọ́ kan lórí fóònù títí ó fi kan ọmọ Bàbá l'Ógbómọ̀ṣọ́. Ó ti lọ fi han bàbá rẹ̀ pé obìnrin Ọ̀yọ́ ti gbin igi sórí ilẹ̀ wọn. Bàbá sì ránṣẹ́ pé àwọn ń bọ̀ lọ́jọ́ Sátidé.

"Wá," ni ìyá mi wí. "Wá dúró tì mí."

Mo wọ ọkọ̀ ní kùtùkùtù. Ẹ̀rín mú mi láti Ọ̀yọ́ dé Ògbómọ̀ṣọ́, ẹni tó jókòó tì mí ṣí lọ sẹ́yìn. Orí ọ̀kadà tó gbé mi dé Ìrẹsà, mò ń rín, mò ń sunkún, ẹrọ̀fọ̀ ń ta sí mi lẹ́nu.

Ìyá mi ti to korobá mẹ́rin síwájú abà. Ìkarùn-ún ṣì wà lẹ́yìn balùwẹ̀, ibẹ̀ kò jìn. Wọ́n wẹ̀, wọ́n wọ aṣọ tí wọ́n máa ń wọ lọ kírun ọdún. Wọ́n ti di ẹrù wọn kan sínú abà, mo rí i.

Ọkọ̀ ọmọ Bàbá kò lè kọjá nínú ẹrọ̀fọ̀, orí ọ̀kadà kan ṣoṣo ni àwọn méjèèjì gbà dé, Bàbá láàárín, fìlà lórí, ọ̀pá lábẹ́ apá. Ọmọ náà wọ bàtà tó ń kọ mànà. Ìyá mi kúnlẹ̀.

"Ẹ káàbọ̀, sà. Ẹ kú ewu ọ̀nà, sà."

"Ìyàwó, ṣé dáadáa lo wà?" Títí di òní, ìyàwó ni Bàbá ń pè wọ́n, nítorí ìyàwó ni wọ́n nígbà tí wọ́n débẹ̀.

Ọmọ náà ti na fóònù. Bàbá ní, "Mú un kúrò. Mi ò ríran nínú nǹkan kékeré yẹn. Mo wá fi ojú ara mi wò ó ni."

Ìyá mi dìde, wọ́n gbé korobá àkọ́kọ́ sí àyà, igi ń mì lórí wọn, wọ́n sì sọ ọ́ kalẹ̀ níwájú Bàbá. Wọ́n gbé ìkejì. Wọ́n gbé ìkẹta. Nígbà tí wọ́n gbé ìkẹrin, ejìká Bàbá ti ń mì.

"Korobá ọ̀dà!" ni Bàbá wí. "Láti ọjọ́ tí mo ti ń fún èèyàn nílẹ̀! Ìyàwó, igi nínú korobá ọ̀dà!"

"Ọ̀rọ̀ tí ẹ sọ fún ọkọ mi, sà, mi ò rékọjá ẹ̀."

"Márùn-ún ni wọ́n sọ pé wọ́n gbà," ni ọmọ náà wí. "Ọ̀kan dà?"

A lọ sẹ́yìn balùwẹ̀. Ìyá mi bẹ̀rẹ̀, wọ́n di etí korobá mú, wọ́n gbé e. Kò gbé. Wọ́n tún ọwọ́ mú, wọ́n fà. Mo bẹ̀rẹ̀ ní òdìkejì, mo fà. Ọmọ Bàbá tì mí sẹ́gbẹ̀ẹ́, òun náà fà, iṣan ọrùn rẹ̀ yọ. Korobá náà kò mì.

Gbòǹgbò ti gba ibi tó sán nídìí rẹ̀ jáde, ó ti wọnú ilẹ̀ Bàbá lọ.

Ìyá mi wò mí. N kò rí irú ojú yẹn rí lára wọn, kódà lọ́jọ́ tí bàbá mi kú. "Ẹ rí i!" ni ọmọ Bàbá wí. "Ẹ rí i, Daddy! Ó ti gbìn ín!" Bàbá na ọwọ́, wọ́n ní kí wọ́n mú àdá wá. Mo mú un wá, ẹ̀rín burúkú yẹn ti ń bọ̀ lọ́fun mi. Mo rò pé igi ni wọ́n fẹ́ gé. Bàbá gbé àdá fún ọmọ wọn, wọ́n ní kó la korobá náà lẹ́gbẹ̀ẹ́. Ó là á. Gbòǹgbò kún inú rẹ̀, funfun, ó lọ́ mọ́ ara wọn, gbogbo rẹ̀ sì kọrí sí ìsàlẹ̀.

Bàbá fi ọ̀pá kàn án. "Ìyàwó, ìwọ lo gbìn ín?"

"Rárá, sà. Ọlọ́run gbọ́, inú korobá ni mo gbé e sí."

"Èmi ni mo wá gbìn ín?"

"Rárá, sà."

Bàbá yíjú sí mi. "Ìjọba ńkọ́? Ìjọba ló gbìn ín?"

"Bàbá," mo ní, "ìjọba gbé e wá ni. Ìjọba ò gbin nǹkan kan."

Ẹ̀rín bá bú jáde lẹ́nu mi, n kò lè dá a dúró mọ́. Mo rín, mo di òpó balùwẹ̀ mú. Bàbá wò mí, àwọn náà bú sẹ́rìn-ín, wọ́n rín títí fìlà fi bọ́, wọ́n ń fi ọ̀pá lu ilẹ̀. Ìyá mi nìkan ni kò rín.

"Ẹni tó gbìn ín ni kó wá hú u," ni Bàbá wí nígbà tí èémí wọn padà. "Ọwọ́ mi ò sí níbẹ̀. Ìyàwó, ilẹ̀, tèmi ni. Iṣu mi, màá máa gbà á. Ṣùgbọ́n igi yìí kì í ṣe tèmi. Omi ìwẹ̀ rẹ ló mu dàgbà. Máa mú un."

Ìyá mi jókòó sílẹ̀, nínú omi ìwẹ̀, pẹ̀lú aṣọ ọdún, wọ́n na ẹsẹ̀ méjèèjì, wọ́n ń sunkún bí ọmọdé. Bàbá dúró tì wọ́n, wọ́n ń sọ pé ó tó, ìyàwó, ó tó.

Ọmọ Bàbá ní, "Daddy, àwọn mẹ́rin tó kù ńkọ́?"

"Ìjọba fẹ́ igi lórí ilẹ̀ mi, àbí? Ilẹ̀ tiwa ni. Ìwọ lo máa gbìn ín. Bọ́ bàtà ẹ."

Ó bọ́ bàtà. Ó gbẹ́ kòtò mẹ́rin nínú oòrùn ọ̀sán, ìyá mi dúró lé e lórí, omijé kò tíì gbẹ lójú wọn, wọ́n ń sọ fún un pé kò jìn tó. Lẹ́yìn ìyẹn, àwọn onílẹ̀ mìíràn gbọ́, àwọn náà bẹ̀rẹ̀ sí í wá fi ọwọ́ ara wọn gbin igi sí oko àwọn àtìpó wọn, kí àtìpó lè rí ajílẹ̀, kí igi sì jẹ́ ti onílẹ̀. Ìbàdàn kọ lẹ́tà ìyìn sí ọ́fíìsì wa, wọ́n ní ìhà Ìrẹsà ló gbin igi jù. Wọn kò bèèrè bí a ṣe ṣe é, n kò sì sọ.

Ìyá mi ṣì ń gbé iṣu lọ fún Bàbá lọ́dọọdún. Lọ́dún yìí, igi ẹ̀yìn balùwẹ̀ so fún ìgbà àkọ́kọ́. Wọ́n kó máńgòrò lé iṣu náà lórí, Bàbá jẹ ọ̀kan, wọ́n ní ó kan díẹ̀.

Ní ọ̀sẹ̀ tó kọjá, mo pè wọ́n láti ọ́fíìsì l'ọ́sàn-án gangan. Iná kò sí, ooru ń mú wa, gbogbo wa ń fi fáìlì fẹ́ ara wa. Mo bi wọ́n pé kí ni wọ́n ń ṣe. Wọ́n ní àwọn ò ṣe nǹkan kan. N kò gbọ́ irú ẹ̀ rí lẹ́nu wọn, mo bi wọ́n bóyá ara wọn ò yá.

"Ara mi yá. Ìjọba, ẹ jẹ́ n sinmi jàre," ni wọ́n wí. "Mo jókòó sábẹ́ igi mi."

N kò rẹ́rìn-ín. Mo ní kí wọ́n máa sinmi, mo sì gbé fóònù sétí títí wọ́n fi gé e.